Ìdákẹ́jẹ́ Tí O Gé Kúrò Nínú Ohùn Bàbá Mi

Balbriggan,
Ọjọ́rú, lẹ́yìn iṣẹ́.

Fèyíṣayọ̀ ọmọ mi, Àjíkẹ́ ọmọ Àbẹ̀kẹ́,

Mi ò ní bi ọ́ bóyá àlàáfíà lo wà. Orí bébà ni mo wà. Bí mo bá béèrè, níbo lo fẹ́ ti dá mi lóhùn? Ó dìgbà tí mo bá gbọ́ ohùn rẹ kí n tó kí ọ. O ó mọ ìdí rẹ̀ tí o bá kà á dé ìsàlẹ̀.

Má sì rò pé orí mi ti dàrú tí mo fi jókòó ti bírò láyé ìsinsìnyí. Lórí fóònù, mi ò ní tíì pè ọ́ lọ́mọ mi tán tí wàá ti ní, "Mummy, I have to go." Tí mo bá sì fi ohùn ránṣẹ́ sí ọ lórí Wásáàpù, mo ti mọ ohun tí ẹ máa ń fi ohùn wa ṣe. Ojú mi ló ṣe nínú kíṣìnnì yìí lọ́jọ́ kan: o tẹ nǹkan kan lórí fóònù rẹ, mo wá ń gbọ́ ara mi tí mò ń sáré sọ̀rọ̀ bí ẹni tí ajá ń lé, ìwọ sì ń jẹ búrẹ́dì. O ní ó máa ń yá bẹ́ẹ̀. Ó dáa. Bébà ò ṣeé tẹ̀ kó sáré. Wá ibì kan jókòó, kí o kà á sókè níbi tí Yorùbá rẹ̀ bá ti le fún ọ.

Ọmọ mi, ẹnu yà mí ní ọjọ́ Àìkú, kò sì tíì padé títí di bí mo ṣe ń kọ̀wé yìí. A ṣẹ̀ṣẹ̀ ti ṣọ́ọ̀ṣì dé ni. Mò ń gbé ìkòkò ìrẹsì padà sínú press, bí ẹ̀yin ọmọ ibí ṣe ń pe kọ́bọ́ọ̀dù, nígbà tí fóònù mi dún. O kọ ọ́ síbẹ̀ pé ẹ̀bùn kan rèé tí o fọwọ́ ara rẹ ṣe fún mi, pé kí n tẹ̀ ẹ́ kí n gbọ́. Mo tẹ̀ ẹ́. Ohùn bàbá mi jáde.

Yéè! Ìkòkò bọ́ lọ́wọ́ mi, ó sì fi etí rẹ̀ gba ẹsẹ̀ mi, mi ò tilẹ̀ mọ̀. Bàbá mi, tó ti re ibi àgbà á rè láti ìgbà tí o ṣì ń rákòrò! Dádì rẹ sáré wọlé, ó rò pé omi gbígbóná ló dà sí mi lára. Mo ní kó dákẹ́, bàbá mi ń sọ̀rọ̀. Mo jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀ níbẹ̀ pẹ̀lú aṣọ ṣọ́ọ̀ṣì lọ́rùn, omijé ayọ̀ sì ń dà.

Ayọ̀ náà ò tọ́jọ́. Bó ṣe ń lọ síwájú nìyí: "Àbẹ̀kẹ́, ṣé dáadáa ni, a dúpẹ́, òtútù ibẹ̀ ńkọ́, pẹ̀lẹ́ o, ṣé o ti jẹun, mo gbọ́, ọkọ rẹ ńkọ́, ó dáa bẹ́ẹ̀." Gbogbo rẹ̀ lẹ́ẹ̀kan náà, láìmí! Háà! Ta ló ń lé bàbá mi? Bàbá mi tó jẹ́ pé tó bá kí ọ lówùúrọ̀, yóò dúró, yóò máa wo ẹnu rẹ títí wàá fi dáhùn, kó tó bọ́ sórí ìkíni mìíràn. Ó wá ń bi ara rẹ̀ léèrè, ó ń dá ara rẹ̀ lóhùn, bí ẹni tí orí rẹ̀ ò pé. Mo wo Dádì rẹ, òun náà wò mí. Ó ní, "Rónkẹ́, ṣé bí Bàbá ṣe máa ń sọ̀rọ̀ nìyí?" Mo ní rárá o. Mo ní wọ́n ti ṣe nǹkan kan fún bàbá mi.

Mi ò dúró gbọ́ ọ parí. Bí mo ṣe pè ọ́ nìyẹn, tí mo pariwo mọ́ ọ. O rẹ́rìn-ín. O ní kí n fara balẹ̀, pé "dead air" nìkan lo yọ kúrò, pé "it's grand". Mo ní kí ló ń jẹ́ bẹ́ẹ̀, o ní ibi tí ẹnikẹ́ni ò ti sọ ohunkóhun ni, pé kọ̀ǹpútà máa ń wá irú rẹ̀ jáde, á gé e dànù, kí ó má baà fi àkókò ènìyàn ṣòfò. Fèyí, mo pa fóònù.

Ó yẹ kí n ti sọ ìtàn kásẹ́ẹ̀tì yẹn fún ọ tipẹ́tipẹ́. O kàn bá a nínú báàgì tí mò ń kó ìwé ìrìnnà sí ni, o ní o fẹ́ fi í dán ọwọ́ wò kí o tó lọ síbi iṣẹ́ rẹ, mo sì ní kí o máa mú un lọ. Gbọ́ ọ báyìí.

Nígbà tí a kọ́kọ́ dé Áílándì yìí, họ́sítẹ́ẹ̀lì ni wọ́n kó wa sí, àwa tí a ń tọrọ ààbò. Ìwọ ò tíì pé ọmọ ọdún kan. Dádì rẹ ò tíì lè wá bá wa. Èmi àtàwọn obìnrin mìíràn tó lọ́mọ ni a jọ ń gbé yàrá kan. Bàbá mi wà nílé ní Ìṣẹ́yìn, ní ìdí òfì tó ti ń hun aṣọ láti kékeré. Kò sí fóònù lọ́wọ́ rẹ̀. Ohun tí àwọn èèyàn ń ṣe nígbà náà ni pé wọ́n á gba ohùn sínú kásẹ́ẹ̀tì, wọ́n á fi rán ẹni tó bá ń bọ̀. Ará ìjọ kan ló gbé tèmi dé, aṣọ òfì tẹ́ẹ́rẹ́ kan ni Bàbá fi wé e.

Ẹni tó bá a tẹ ẹ̀rọ ti sọ fún un pé kó máa sọ̀rọ̀ bí ẹni pé mo wà níwájú rẹ̀. Bàbá mi sì ṣe é gẹ́lẹ́ bẹ́ẹ̀. Ó ní, "Àbẹ̀kẹ́, ṣé dáadáa ni?" Ó dákẹ́. Kò sí ohùn kankan, àfi òfì tó ń dún, kà-kẹ̀rẹ̀, kà-kẹ̀rẹ̀, torí kò fi iṣẹ́ sílẹ̀. Ó wá ní, "A dúpẹ́." Ó ní, "Òtútù ibẹ̀ ńkọ́?" Ó tún dákẹ́, kà-kẹ̀rẹ̀, kà-kẹ̀rẹ̀. "Pẹ̀lẹ́ o." Bàbá mi kì í ṣe òmùgọ̀ o. Ó mọ̀ pé ẹ̀rọ ò lè gbé ohùn mi dé ọ̀dọ̀ òun. Nígbà tí mo rí i bá sọ̀rọ̀ lórí fóònù ẹlòmíràn lẹ́yìn ìgbà yẹn, mo bi í léèrè. Ó ní, "Ṣé kí n wá máa da ìkíni lé ọ lórí bí ẹni ń da àgbàdo sílẹ̀ fún adìẹ ni? Ẹni tí a bá kí, à á jẹ́ kó dáhùn. Mo mọ ohun tí wàá sọ. Mo kàn fún ọ láyè kí o sọ ọ́ ni."

Ó fún mi láyè. Èmi ńkọ́, kí ni mo fi àyè náà ṣe? Nígbà tí àwọn obìnrin inú yàrá gbọ́ ọ, wọ́n bú sẹ́rìn-ín. Ọ̀kan ní, "Ẹ wo bàbá yìí, ó ń retí èsì!" Ojú tì mí, èmi náà bá wọn rẹ́rìn-ín. Mo wá ń tẹ ẹ̀rọ kó sáré kọjá gbogbo ibi tó ti dákẹ́. Ṣé o wá rí i? Èmi ni mo kọ́kọ́ gé e kí kọ̀ǹpútà tìrẹ tó gé e. Mi ò sì fi kásẹ́ẹ̀tì kankan ránṣẹ́ padà. Mo ní màá ṣe é tí ìwé ìgbélùú bá ti jáde, tí mo bá ti ní ọ̀rọ̀ gidi láti sọ. Ìwé jáde, bàbá ti lọ. Ẹni tó bá jìn sí kòtò, a máa kọ́ ará yòókù lọ́gbọ́n. Ìdí nìyẹn tí mo fi ń dà ọ́ láàmú.

O rántí bí ọ̀rọ̀ iṣẹ́ yìí ṣe bá mi lójijì. Mo ti sọ fún gbogbo ìjọ pé apòògùn ni ọmọ mi máa dà, o wá dé lọ́jọ́ kan, o ní Oklahoma lò ń lọ, ní Amẹ́ríkà, lọ́dọ̀ àwọn èèyàn kan tí wọ́n ń pè ní Osage. O ní wọ́n ti wà lórí ilẹ̀ wọn kí òyìnbó tó dé. Pé wọ́n kó àwọn ọmọ wọn lọ sílé ẹ̀kọ́ tí wọ́n ti fi ìyà lé èdè kúrò lẹ́nu wọn. Pé àwọn tó mu èdè náà mọ́ ọmú ìyá ti lọ tán pátá, àwọn tó kù wá ń kọ́ ọ látinú kásẹ́ẹ̀tì àti látinú lẹ́tà tí wọ́n fọwọ́ ara wọn ṣe fún un. Pé iṣẹ́ tìrẹ ni láti máa gba ohùn inú kásẹ́ẹ̀tì wọ̀nyẹn sínú kọ̀ǹpútà. Mo ní, "Kí ló kàn ọ́ níbẹ̀? Ìwọ tí mo bá sọ Yorùbá sí, tí wàá fi Gẹ̀ẹ́sì Dublin dá mi lóhùn?" O wo ojú mi, o ní, "That's why, Mummy." Bí a bá rìn jìnnà, a ó rí abuké ọ̀kẹ́rẹ́. Èmi ò mọ̀ pé inú ilé mi ni màá jókòó sí tí màá ti rí i.

Ìpè tí o pè mí ní ọjọ́ Ajé ló wá pa mí lẹ́nu mọ́ pátápátá. O ń sunkún tó bẹ́ẹ̀ tí mo rò pé ọkọ̀ ló gbá ọ. O ní lẹ́yìn tí mo pariwo mọ́ ọ, ara rẹ ò balẹ̀, o lọ wo kásẹ́ẹ̀tì ìyá àgbà ọ̀gá rẹ. Ìyá náà ti kú tipẹ́, òun ló tọ́ ọ̀gá rẹ dàgbà, kò sì sí ohùn mìíràn tó jọ tiẹ̀ lọ́wọ́ ìdílé wọn. Nínú kásẹ́ẹ̀tì yẹn, ìyá á sọ ọ̀rọ̀ kan ní èdè wọn, á dákẹ́. Á sọ òmíràn, á tún dákẹ́. Ìwọ ti ní kí kọ̀ǹpútà gé gbogbo dídákẹ́ náà. Kásẹ́ẹ̀tì gígùn di nǹkan kékeré báyìí. O ní inú rẹ tilẹ̀ dùn sí i, pé àwọn tó ń kọ́ èdè yóò lè tètè gbọ́ ọ tán.

O wá gbé díẹ̀ tó ṣẹ́kù nínú ohun tí kọ̀ǹpútà gé sétí, o gbé ohùn rẹ̀ sókè. O gbọ́ ọmọ kékeré kan nínú rẹ̀. Ó jìnnà sí ẹ̀rọ, ohùn rẹ̀ tín-ín-rín, ó ń tún ohun tí ìyá àgbà sọ sọ. Ìyá kì í sì bọ́ sórí ọ̀rọ̀ mìíràn àfi tí ọmọ náà bá ti sọ ọ́ tán.

Orí mi wú, Fèyí. Mo dìde dúró níbi tí mo wà ní pápákọ̀ òfurufú, nínú yàrá tí a ti ń jẹun ọ̀sán, gbogbo àwọn tí a jọ ń ṣiṣẹ́ ń wò mí. Ọmọ ń kọ́ ọ̀rọ̀ lẹ́nu ìyá àgbà rẹ̀, kọ̀ǹpútà ní kò sí nǹkan níbẹ̀! O ní o ò mọ ọmọ tí ó jẹ́. Èmi náà ò mọ̀ ọ́n. Ṣùgbọ́n ìwọ náà mọ ẹni tí ìyá náà tọ́ dàgbà.

Mo ní, ó dáa, lọ sọ fún ọ̀gá rẹ. O ní o ò lè sọ ọ́. O ní oṣù tí wọ́n fi ń dán ọ wò níbi iṣẹ́ ò tíì pé, wọ́n lè lé ọ. O ní láti tún un ṣe, àfi kí wọ́n gbà kí o tún àwọn kásẹ́ẹ̀tì ògbólógbòó náà fi sẹ́rọ, bẹ́ẹ̀ wọ́n ti gbó, wọ́n lè já. O ní ní ìparí oṣù tó ń bọ̀, ọ̀gá rẹ máa pín èyí tí o ti gé fún àwọn ẹbí, wọ́n á sì ti àwọn kásẹ́ẹ̀tì mọ́ ibi tútù kan tí ọwọ́ ò ní kàn wọ́n mọ́. O wá ní, "They won't notice, Mummy."

Ọ̀rọ̀ yẹn ló gbé mi dé ìdí tábìlì yìí. Ṣé ọmọ tí mo bí ló sọ ọ́? Wọn ò ní mọ̀! Àní wọn ò ní mọ̀. Ẹni tó máa mọ̀ ti kú, ìdí tí wọ́n fi gbà ọ́ síṣẹ́ gan-an nìyẹn. Ẹyin lohùn, bó bá balẹ̀, fífọ́ ló ń fọ́. Ṣùgbọ́n èyí tí mò ń sọ yìí ò tíì balẹ̀. Ó ṣì wà lọ́wọ́ rẹ.

Àkọ́kọ́, lọ fi ẹnu ara rẹ sọ fún ọ̀gá rẹ obìnrin náà. Má kọ ímeèlì. Má dúró dìgbà tí ẹ bá jọ wà nínú mọ́tò tí kò ti ní rójú rẹ. Jẹ́ kó jókòó. Má sì bẹ̀rẹ̀ látorí pé kọ̀ǹpútà ló ṣe é; kọ̀ǹpútà ò ti Balbriggan wá. Sọ pé, "Èmi ni mo gé e, mi ò mọ̀, mo ti wá mọ̀ báyìí." Ẹni tó mọ ẹjọ́ rẹ̀ lẹ́bi kì í pẹ́ lórí ìkúnlẹ̀.

Mo mọ ohun tí mò ń sọ. Kí n tó débi iṣẹ́ tí mo wà yìí, mo ti ṣiṣẹ́ rí nílé ìtọ́jú àwọn arúgbó. Ìyá ará Áílándì kan wà níbẹ̀, súwẹ́tà ọkùnrin kan máa ń wà lórí àga rẹ̀ nígbà gbogbo. Ó ń rùn tábà. Mo ní kí n ṣoore. Mo fọ̀ ọ́, mo fi nǹkan olóòórùn dídùn sí i, mo lọ̀ ọ́, mo ká a síbẹ̀, mò ń retí kó yìn mí. Ìyá gbé e sí imú, ó gbé e kúrò, ó tún gbé e sí imú. Ọkọ rẹ̀ tó ti kú ló ni súwẹ́tà, òórùn tábà yẹn ló sì kù fún un lára ọkọ rẹ̀. Fèyí, mo fẹ́ kí ilẹ̀ lanu kó gbé mi mì! Ẹni tí a jọ ń ṣiṣẹ́ ní kí n sọ pé kì í ṣe èmi, pé àwọn tó wá ṣiṣẹ́ lálẹ́ ni. Mi ò gbà. Mo kúnlẹ̀ níwájú ìyá náà. Òun rò pé mo ṣubú ni, ó ti ń tẹ aago pe nọ́ọ̀sì. Nígbà tí ó yé e, ó sunkún, ó sọ̀rọ̀ sí mi, ó wá ní kí n jókòó. Gbogbo ọ̀sán yẹn ló fi sọ ìtàn ọkọ rẹ̀ fún mi. Mi ò sọ pé bó ṣe máa rí fún ìwọ náà nìyẹn. Ọ̀gá rẹ lè bínú, ó sì ní ẹ̀tọ́ láti bínú. Ohun tí mò ń sọ ni pé súwẹ́tà tèmi ò ṣeé dá òórùn rẹ̀ padà mọ́, tìrẹ ṣì ṣeé ṣe.

Èkejì, kásẹ́ẹ̀tì yẹn kì í ṣe tìrẹ. Àwọn ló máa sọ bóyá kí a tún un fi sẹ́rọ, tàbí kí a fi í sílẹ̀ kó má baà já. Àwọn ló máa sọ ẹni tó lè gbọ́ ọ. Tí wọ́n bá ní ti ìdílé àwọn ni, kí àlejò má gbọ́ ọ, pa ẹnu rẹ mọ́, má tilẹ̀ sọ ohun tó wà níbẹ̀ fún èmi ìyá rẹ, bó ti wù kí n bẹ̀ ọ́ tó. Ìwọ náà sì mọ̀ pé màá bẹ̀ ọ́.

Ẹ̀kẹta, kọ́ bí a ṣe ń dúró. Mo mọ irú ọmọ tí o jẹ́. Tí mo bá ń sọ̀rọ̀, tí mo sì dákẹ́ díẹ̀ láti wá ọ̀rọ̀, ìwọ lo máa ń bá mi parí rẹ̀ lédè Gẹ̀ẹ́sì. Tí o bá jókòó ti àgbàlagbà ibẹ̀, tí o bi í ní nǹkan, tó dákẹ́, má tètè bi í ní òmíràn. Má wo aago. Má wo ẹ̀rọ rẹ. Ohun tí a bá fẹ̀sọ̀ mú kì í bàjẹ́. Ó lè jẹ́ pé ó ń bá ìyá rẹ̀ sọ̀rọ̀ nínú ara rẹ̀ kó tó dá ọ lóhùn.

Èyí tó kàn yìí le fún mi láti kọ. Nígbà tí o bẹ̀rẹ̀ iléèwé, ẹnì kan gbà mí nímọ̀ràn pé kí n má sọ Yorùbá sí ọ nílé mọ́, kí èdè méjì má baà dà ọ́ rú. Mo gbọ́ràn bíi sójà. Mo fi Gẹ̀ẹ́sì kí ọ, mo fi bá ọ wí, mo fi gbàdúrà lé ọ lórí. Ìgbà tí mo bá bínú gan-an nìkan ni Yorùbá ń jáde, abájọ tó fi jẹ́ pé èébú lo mọ̀ jù nínú rẹ̀! Mo wá ń fi ọ́ ṣe yẹ̀yẹ́ níwájú àwọn ará ìjọ pé o ò lè kí àgbà. Ara mi ni mò ń fi ṣe yẹ̀yẹ́. Fiyè dénú, ọmọ mi. Kò sẹ́ni tó fìyà jẹ mí kí n tó ṣe ohun tí mo ṣe, èyí ló ń yà mí lẹ́nu jù nígbà tí mo bá rántí ohun tí wọ́n fojú àwọn èèyàn Osage yẹn rí.

Mi ò mọ iye tí mo ti kà dé mọ́, ìwọ lo kàwé, máa kà á. Máa jẹun. Búrẹ́dì kì í ṣe oúnjẹ alẹ́. Ọwọ́ ọ̀tún ni wọ́n ti ń wakọ̀ níbẹ̀ o, má gbàgbé. Wá ìjọ tó ń ka Bíbélì. Fi òróró sí irun rẹ, mo rí i nínú fọ́tò. Bí wọ́n bá sì lé ọ níbi iṣẹ́ nítorí pé o sọ òótọ́, máa bọ̀ nílé. Ọkọ̀ ojú irin ṣì ń dúró ní Balbriggan. Tábìlì tí a fi ń lọ aṣọ ló wà nínú yàrá rẹ báyìí, Dádì rẹ á gbé e kúrò.

Ó ku ọ̀rọ̀ kan.

Ohùn Bàbá tí o tún fi ránṣẹ́ lọ́jọ́ Ajé, tí o ní o ò fọwọ́ kan ibì kankan níbẹ̀ mọ́, mi ò tíì lè gbọ́ ọ lọ́jọ́ náà. Àná ni mo gbọ́ ọ. Dádì rẹ ti lọ síbi iṣẹ́. Mo gbé fóònù sórí tábìlì kíṣìnnì, mo jókòó kọjú sí i. Bàbá ní, "Àbẹ̀kẹ́, ṣé dáadáa ni?" Òfì bẹ̀rẹ̀ sí í dún, kà-kẹ̀rẹ̀, kà-kẹ̀rẹ̀. Ẹnu mi kàn là fúnra rẹ̀, mi ò rán an níṣẹ́: "Dáadáa ni, Bàbá. Ẹ̀yin náà ńkọ́?" Bí mo ṣe pa ẹnu dé báyìí, Bàbá ní, "A dúpẹ́." Mo kú! Mo di tábìlì mú. Ó ní, "Òtútù ibẹ̀ ńkọ́?" Mo ní, "Ó pọ̀ jù, sà." Ó ní, "Pẹ̀lẹ́ o." Ó ní, "Ṣé o ti jẹun?" Mo ní mi ò tíì jẹun, torí ọ̀rọ̀ rẹ yìí ò jẹ́ kí n jẹun láti ọjọ́ Àìkú. Ó rò díẹ̀, ó ní, "Mo gbọ́." Gbogbo ìbéèrè rẹ̀ ni mo dáhùn, kò sì sí èyí tí àyè rẹ̀ ò tó mi. Ó wọ̀n ọ́n fún mi láti Ìṣẹ́yìn, kò sì ṣìnà.

Lẹ́yìn náà ni òfì dúró. Láti ìbẹ̀rẹ̀ kásẹ́ẹ̀tì yẹn kò dúró rí. Bàbá gbé iṣẹ́ ọwọ́ rẹ̀ sílẹ̀ pátápátá. Ó ní, "Fèyíṣayọ̀ ńkọ́? Àbẹ̀kẹ́, gbé e sún mọ́ ẹ̀rọ. Jẹ́ kó kí mi." Ó wá dákẹ́. Ìdákẹ́jẹ́ yẹn gùn ju gbogbo èyí tó kù lọ. Kò sí kà-kẹ̀rẹ̀ níbẹ̀, ewúrẹ́ kan ló ké lọ́nà jíjìn. Ibi tí mo tẹ̀ kọjá ní họ́sítẹ́ẹ̀lì nígbà yẹn nìyẹn nítorí ẹ̀rín àwọn obìnrin, n kò sì gbọ́ ọ rí láyé mi títí di àná. Nígbà tó pẹ́ títí, mo gbọ́ ẹ̀rín nínú ohùn rẹ̀. Ó ní, "Hẹ̀n-ẹ́n. Mo gbọ́ ohùn rẹ̀. Ó dùn." Òfì sì bẹ̀rẹ̀ padà.

Ẹnu mi là láti dáhùn, mo pa á dé. Àyè yẹn kì í ṣe tèmi.

Lọ bá ọ̀gá rẹ ná, kí o kọ́kọ́ dá ohùn ọmọ yẹn padà sẹ́nu ìyá àgbà rẹ̀. Tí o bá dé, ti ilẹ̀kùn rẹ, tẹ ohùn Bàbá, má jẹ́ kó sáré. Tó bá béèrè rẹ, kí i. Kí i ní Yorùbá. Bí ahọ́n rẹ bá wọ́, jẹ́ kó wọ́, á dúró dè ọ́. Ó ti sọ níwájú Ọlọ́run àti ẹ̀rọ pé òun gbọ́ ohùn rẹ. Má sọ bàbá mi di onírọ́.

Èmi ni ìyá rẹ,
Àbẹ̀kẹ́.